Màmá ti ń lo wheelchair, ẹnu ọ̀nà balùwẹ̀ ò gba kẹ̀kẹ́: ṣé a lè sọ ilẹ̀kùn rẹ̀ di sláídìn?

ỌmọỌlálọmí (Ọ̀fà)

Ẹ kú ìrọ̀lẹ́ o ẹ̀yin ará wa. Ọ̀rọ̀ ilẹ̀kùn ló gbé mi wá. Rọpárọsẹ̀ kọlu màmá mi lọ́dún tó kọjá, ọwọ́ òsì àti ẹsẹ̀ òsì wọn ò tíì padà sípò, wheelchair la fi ń gbé wọn káàkiri inú ilé. Ilé tí bàbá wa kọ́ láyé Ṣàgàrí ni wọ́n ń gbé, ilé búlọ́ọ̀kù ni, ó sì dúró dáadáa, ṣùgbọ́n ẹnu ọ̀nà balùwẹ̀ ò fẹ̀ ju sẹ̀ńtímítà 70 lọ, téèyàn bá sì yọ férémù àti ìnípọn ilẹ̀kùn kúrò ohun tó kù ò ju 62, kẹ̀kẹ́ màmá sì jẹ́ 65 láti ẹ̀gbẹ́ kan sí èkejì. Yàtọ̀ síyẹn inú ni ilẹ̀kùn yẹn ń ṣí sí, ó ń kan ìjókòó tọ́ọ́lẹ̀ẹ̀tì kó tó ṣí tán. Àbúrò mi obìnrin ló ń gbé wọn dìde lẹ́nu ọ̀nà, wọ́n á fọwọ́ ọ̀tún di férémù mú, wọ́n á máa wọ́ ẹsẹ̀ òsì tẹ̀lé e, bó ṣe ń rí nìyẹn láàárọ̀ lálẹ́.

Káfíńtà kan ní ká yọ ilẹ̀kùn ká fi kọ́tìnnì sí i. Màmá kọ̀ jálẹ̀. Wọ́n ní àwọn ò ní máa wẹ̀ lẹ́yìn aṣọ nínú ilé tí àna àti ọmọ ọmọ ń wọlé jáde, mo sì fara mọ́ ọn, àìsàn ò ní kéèyàn má bo àṣírí ara rẹ̀ mọ́. Ẹlòmíì wá sọ pé sláídìn ni, irú èyí tí wọ́n ń fà gba ẹ̀gbẹ́ ògiri. Ṣé ó ṣeé ṣe nínú ilé tí wọ́n ti kọ́ tán tipẹ́tipẹ́? Ẹ jọ̀ọ́, ẹni tó bá ti ṣe é rí ni mo ń bẹ̀.

BíríkìlàTáńkẹ́

Ọmọ Ìyèrú Òkín, ẹ kú aájò màmá, Ọlọ́run á bá wa fún wọn ní àlàáfíà. Ó ṣeé ṣe dáadáa. Ṣùgbọ́n ẹ má tíì ra ilẹ̀kùn kankan o, ẹ má tíì lọ béèrè iye réèlì (irin tí ilẹ̀kùn á máa rìn lórí rẹ̀) pàápàá. Tí ẹ bá gbé sláídìn sí ojú 70 yẹn, ẹ ti yọ férémù àti hínjì kúrò lóòótọ́, kẹ̀kẹ́ lè fẹ́ gba ibẹ̀ kọjá, àmọ́ ìka ọwọ́ màmá ló máa máa họ lára ògiri torí ọwọ́ ọ̀tún ni wọ́n fi ń yí táyà. Ojú ọ̀nà ni kẹ́ ẹ kọ́kọ́ là. Ẹ jẹ́ kó di 90, ilẹ̀kùn wá tẹ̀lé e.

Ohun tó máa sọ bóyá ẹ lè là á láì sí ewu ni àtẹ́rígbà tó wà lókè ilẹ̀kùn. Ilé ìgbà yẹn, àwọn kan da kọnkéré àtẹ́rígbà yí gbogbo ilé po, àwọn mìíì ò dà á ju orí ilẹ̀kùn àti fèrèsé nìkan. Tó bá yí ilé po, ẹ lè gé búlọ́ọ̀kù ẹ̀gbẹ́ kan kúrò kẹ́ ẹ sì rẹ́ ẹ padà. Tó bá jẹ́ orí ilẹ̀kùn nìkan, kò gbọdọ̀ sí ẹni tó máa gbé òòlù sí ibẹ̀ kí wọ́n tó fi igi gbé òkè ró, torí orí búlọ́ọ̀kù tẹ́ ẹ fẹ́ gé yẹn gan-an ni àtẹ́rígbà fi èjìká lé.

Bẹ́ ẹ ṣe máa mọ̀ ọ́n rèé: ẹ mú òòlù kékeré, ẹ máa gbá ògiri jẹ́jẹ́ ní gíga kan náà pẹ̀lú òkè ilẹ̀kùn, láti etí ilẹ̀kùn lọ sí ọ̀tún àti òsì. Kọnkéré á dún kí, búlọ́ọ̀kù oníhò á dún gbọ̀ngbọ̀n. Lẹ́yìn náà ẹ họ símẹ́ǹtì tí wọ́n fi rẹ́ ẹ kúrò níbì kan tó tó àtẹ́lẹwọ́, bíi ìdajì mítà sí etí ilẹ̀kùn. Tẹ́ ẹ bá rí òkúta wẹ́wẹ́ nínú rẹ̀, kọnkéré ni.

Nọ́ọ̀sìGàáAkanbí

Ẹ kú ìtọ́jú ìyá o. Mi ò mọ nǹkan kan nípa réèlì, àwọn aláìsàn irú màmá yín ni mo ń tọ́jú, torí náà ẹ jẹ́ kí n sọ ti ilẹ̀kùn tó ń ṣí sínú yẹn, ó ká mi lára ju ti kẹ̀kẹ́ lọ. Balùwẹ̀ ni àwọn tó ní rọpárọsẹ̀ ti sábà máa ń ṣubú, ilẹ̀ tútù, ọṣẹ wà nílẹ̀, ẹ̀gbẹ́ kan ara ò sì lágbára. Tí màmá bá ṣubú (Ọlọ́run ò ní jẹ́) tí wọ́n sì dùbúlẹ̀ sẹ́yìn ilẹ̀kùn, kò sẹ́ni tó lè ti ilẹ̀kùn yẹn wọlé láì tì í lù wọ́n, ẹ lè má rí wọn gbé jáde kíákíá. Ilẹ̀kùn tó ń fà gba ẹ̀gbẹ́ ò ní wàhálà yẹn. Tẹ́ ẹ bá ní kẹ́ ẹ fi í sílẹ̀ di ọdún tó ń bọ̀, ẹ tètè ní kí wọ́n yí hínjì padà kó máa ṣí síta ná, iṣẹ́ ọjọ́ kan ni fún káfíńtà.

Kọ́kọ́rọ́ ńkọ́? Ẹ má fi bóòtù tí wọ́n ń ti ojú inú nìkan sí i. Irú tó ní ojú gbọọrọ níta tí wọ́n lè fi owó kọ́ìnì tàbí ọ̀bẹ yí ṣí wà lọ́jà, òun ni kẹ́ ẹ rà. Màmá á lè tìlẹ̀kùn mọ́ra wọn, àbúrò yín á sì lè ṣí i tó bá gbọ́ ariwo.

KáfíńtàÒmùÀrán

Ọ̀rọ̀ yín mọ́gbọ́n dání Nọ́ọ̀sì. Ẹ jẹ́ kí n mú ti igi wá.

Irú sláídìn tó bá ilé tí wọ́n ti kọ́ tán mu ni èyí tí wọ́n ń so kọ́ sára ògiri, réèlì wà lókè, ilẹ̀kùn ń rọ̀ sísàlẹ̀, kò sí réèlì kankan nílẹ̀. Ẹni tó bá ní kẹ́ ẹ ṣe èyí tó ń wọ inú ògiri lọ farasin, ẹ dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀, ẹ máa bá tiyín lọ, torí ògiri búlọ́ọ̀kù nínáìn íńṣì tó gbé òrùlé dúró, ẹ ò lè la inú rẹ̀ láì wó o. Ìyẹn dáa fún ilé tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́. Àìsí réèlì nílẹ̀ yẹn náà ló máa ran kẹ̀kẹ́ màmá lọ́wọ́, kò ní sí ohun tí táyà iwájú tó kéré yẹn máa há sí.

Tí ojú ọ̀nà bá di 90, ilẹ̀kùn gbọ́dọ̀ jẹ́ 100, kó fi sẹ̀ńtímítà márùn-ún márùn-ún bo ẹ̀gbẹ́ méjèèjì, àìjẹ́bẹ́ẹ̀ ẹni tó bá dúró sí kọ̀rọ̀ (ọ̀nà tóóró tó wà láàárín àwọn yàrá) á máa wo inú balùwẹ̀ láti ẹ̀gbẹ́. Réèlì á wá jẹ́ mítà méjì, ìyẹn ni pé ẹ nílò ògiri tó ṣófo fún mítà kan gbáko lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọ̀nà. Kí ló wà lára ògiri yẹn báyìí? Súìṣì iná? Sọ́kẹ́ẹ̀tì? Fèrèsé? Ibẹ̀ ni iṣẹ́ ti máa ń dojú rú, wọ́n á gbé ilẹ̀kùn dé tán kí wọ́n tó rí i pé súìṣì ti wà lẹ́yìn rẹ̀.

Ẹ má jẹ́ kí wọ́n fi skúrù kan réèlì mọ́ búlọ́ọ̀kù o. Búlọ́ọ̀kù wa oníhò ni, ike tí wọ́n ń fi síbẹ̀ kí skúrù tó wọlé á kàn dúró sínú òfìfo ni, ó lè dì í mú fún oṣù díẹ̀, ọjọ́ tí ẹnì kan bá fi agbára fà á ló máa já. Ohun tí à ń ṣe ni pé a máa fi pákó líle kan, ìrókò tàbí àpá, íńṣì méjì lórí mẹ́fà, gígùn mítà méjì, dè mọ́ kọnkéré àtẹ́rígbà pẹ̀lú bóòtù tó ń wú nínú ihò, bóòtù kan ní bíi ogójì sẹ̀ńtímítà síra wọn, ká tó wá de réèlì mọ́ pákó yẹn. Pákó náà á tún gbé ilẹ̀kùn kúrò lára ògiri díẹ̀, kó má máa ha táísì ìdí ògiri tó yọ síta. Kí wọ́n fi sípírítì lẹ́fù (irinṣẹ́ tó ń fi hàn bóyá nǹkan tẹ́jú) wo réèlì dáadáa kí wọ́n tó mú bóòtù le, torí tó bá dà sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan báyìí ilẹ̀kùn á máa rìn fúnra rẹ̀.

Ilẹ̀kùn fúnra rẹ̀, mi ò ní ní kẹ́ ẹ fi ìrókò ṣe é bó tilẹ̀ jẹ́ pé igi ni mò ń tà. Ìrókò mítà kan lórí mítà 2.1, tó nípọn sẹ̀ńtímítà mẹ́rin, wúwo tó kílò 55, òjò á sì mú kó wú, ọyẹ́ á mú kó sún kì. Páálì alumínọ̀mù tàbí ike PVC ló yẹ balùwẹ̀, ó fúyẹ́, omi ò lè bà á jẹ́, màmá á lè fi ọwọ́ kan ṣoṣo fà á.

ÌyáÌbejìFátẹ̀

Ẹ má bínú o, èmi ò fara mọ́ ọ̀rọ̀ sláídìn yìí pátápátá. A ní i nílé, ti yàrá sí fàráńdà. Tí ọyẹ́ bá ti dé ní December, eruku á kún ojú réèlì nílẹ̀, ilẹ̀kùn á máa ké kwiin kwiin, ọmọ mi ọlọ́dún mẹ́wàá ò lè fà á. Ṣé màmá tó jẹ́ ọwọ́ kan ló wá máa fà á? Àti pé ilẹ̀kùn tó ń ṣí síta kò náni tó bẹ́ẹ̀. Ẹ kàn fẹ ọ̀nà yẹn sí i, kẹ́ ẹ fi ilẹ̀kùn lásán sí i, kó ṣí síta.

AlumiSángo

Ìyá Ìbejì, ẹ kú ilé o mà. Òótọ́ lẹ sọ nípa eruku, àmọ́ tiyín yẹn, ìsàlẹ̀ ni róólà rẹ̀ (táyà kéékèèké tí ilẹ̀kùn fi ń rìn) wà, gbogbo ìwúwo ilẹ̀kùn ló ń tẹ eruku mọ́lẹ̀. Èyí tí wọ́n ń sọ níbí yìí, òkè ni róólà wà, eruku tó bá dúró sórí réèlì ò pọ̀, aṣọ kan ti tó láti nù ún. Ti tiyín náà lójútùú: ẹ fi búrọ́ọ̀ṣì eyín àtijọ́ gbá ojú réèlì, ẹ fi aṣọ tútù nù ún, kẹ́ ẹ wá fọ́n silicone tó ń mú nǹkan yọ̀ sí i. Ẹ má da ọ́ìlì ẹ́ńjìnnì sí i bí àwọn èèyàn ṣe ń ṣe, ọ́ìlì ló ń di eruku mú, lọ́sẹ̀ kejì á ti dà bí ẹ̀kọ. Tó bá ṣì le lẹ́yìn náà, róólà ló ti jẹ, pààrọ̀ ni, kò wọ́n.

Ti pé kó ṣí síta, ó dáa tí kọ̀rọ̀ bá fẹ̀. Ọ̀gá tó ni ọ̀rọ̀, báwo ni kọ̀rọ̀ ibẹ̀ ṣe fẹ̀ tó?

ỌmọỌlálọmí (Ọ̀fà)

Ẹ ṣé gan-an ni gbogbo yín, Ọlọ́run á san án fún yín. Kọ̀rọ̀ jẹ́ mítà kan àti sẹ̀ńtímítà 20. Mo wò ó pé tí ilẹ̀kùn 90 bá ṣí síta, á gba kọ̀rọ̀ tán, ẹni tó ń ti màmá á ní láti fa kẹ̀kẹ́ sẹ́yìn kó tó lè ṣí i, yàrá màmá sì wà ní ìparí kọ̀rọ̀ yẹn gangan.

Mo ti gbá ògiri bí Bíríkìlà ṣe sọ. Ó ń dún kí títí dé igun, mo sì họ ọ́ wò, òkúta wẹ́wẹ́ wà níbẹ̀, irin kan tiẹ̀ yọrí díẹ̀. Mo lọ wo orí fèrèsé yàrá kejì náà, bákan náà ni. Ògiri tó wà lápá òsì ọ̀nà ní súìṣì iná balùwẹ̀, ti apá ọ̀tún ò ní nǹkan kan àfi kàlẹ́ńdà, ó sì ju mítà kan àti ààbọ̀ lọ.

BíríkìlàTáńkẹ́

Alhamdulillah, a jẹ́ pé àtẹ́rígbà yín yí ilé po. Ẹ gé apá òsì, kí ilẹ̀kùn máa fà lọ sí apá ọ̀tún tó ṣófo. Súìṣì apá òsì yẹn, ẹ wò ó bóyá ó jìnnà sí etí ọ̀nà ju 20 lọ, torí 20 lẹ fẹ́ gé níbẹ̀, tí kò bá jìnnà kí oníná kọ́kọ́ gbé e kúrò kẹ́ ẹ tó fọwọ́ kan ògiri, wáyà wà nínú páìpù lábẹ́ símẹ́ǹtì yẹn. Irin tẹ́ ẹ rí tó yọrí, ẹ fi símẹ́ǹtì bò ó padà kí ìpẹtà má mú un.

Kí wọ́n má fi òòlù ńlá fọ́ ọ. Ẹ fi ẹ̀rọ onírin róbótó tó ń gé táísì fa ìlà sí iwájú àti ẹ̀yìn, kí wọ́n wá máa yọ búlọ́ọ̀kù díẹ̀díẹ̀ láti òkè wá sísàlẹ̀. Ihò búlọ́ọ̀kù tó bá ṣí sílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́, ẹ ki kọnkéré sí i, kí etí rẹ̀ le. Òmíràn tún wà: ilẹ̀ balùwẹ̀ sábà máa ń fi bíi sẹ̀ńtímítà mẹ́ta sí márùn-ún rẹlẹ̀ ju kọ̀rọ̀ lọ kí omi má bàa jáde. Ibẹ̀ ni kẹ̀kẹ́ máa ti fò gbì. Ẹ da símẹ́ǹtì dagẹrẹ síbẹ̀. Ìwọ̀n tí wọ́n ń lò fún wheelchair ni 1 sí 12, tí ìrẹlẹ̀ bá jẹ́ sẹ̀ńtímítà márùn-ún, ìdagẹrẹ á gùn ní 60, kẹ́ ẹ lẹ táísì tí kì í yọ̀ mọ́ ọn.

ỌmọPàkátà

Ẹ kú ọ̀rọ̀ o. Ẹ bá mi dá sí tèmi náà. Agboolé wa ní Pàkátà ni, ilé yẹpẹ ìgbà láéláé tí wọ́n fi símẹ́ǹtì rẹ́ lójú, ògiri nípọn bí nǹkan míì, kò sí kọnkéré kankan lórí ilẹ̀kùn, pákó igi ni. Bàbá àgbà wa ò lè fi ọ̀pá wọ yàrá wọn dáadáa mọ́, ilẹ̀kùn ń kọ́ wọn lẹ́sẹ̀. Ṣé a lè so irú sláídìn yìí kọ́?

KáfíńtàÒmùÀrán

Ẹ lè ṣe é, àmọ́ ẹ má so ohunkóhun kọ́ sára ògiri yẹpẹ, kò ní di bóòtù mú, ẹ̀ẹ́ kàn máa sọ ihò di ńlá ni. Ẹ ní kí wẹ́dà ṣe férémù irin onígun mẹ́rin tó máa dá dúró fúnra rẹ̀: òpó méjì tó fẹsẹ̀ lélẹ̀ lórí kọnkéré, igi ìdábùú kan lókè, réèlì wà lábẹ́ ìdábùú. Ilẹ̀ ló máa gbé ìwúwo, ògiri á kàn jẹ́ ẹ̀yìn tí wọ́n fara tì. Ẹ má sì fẹ ojú ọ̀nà nínú ilé yẹpẹ yẹn láìjẹ́ pé bíríkìlà àgbà kan tó mọ ilé yẹpẹ wá wò ó. Pákó òkè ilẹ̀kùn yẹn, ikán lè ti jẹ inú rẹ̀ tán kí òde ṣì dáa, ẹ fi ìṣó gún un wò.

TíṣàAjàṣẹ́Ìpo

Ẹ jọ̀ọ́ ẹ jẹ́ kí n wọ̀ ọ́ díẹ̀. Ọdún tó kọjá la yọ ilẹ̀kùn onígi pálọ̀ wa tí a sì fi sláídìn gíláàsì sí i. Òjò onígbì àkọ́kọ́ ọdún yìí, omi wọ pálọ̀ títí dé abẹ́ àga. Ẹni tó ṣe é ní kò sí ohun tó burú. Kí ló lè fà á?

AlumiSángo

Tíṣà, ẹ lọ síta, ẹ kúnlẹ̀, ẹ wo ojú ìsàlẹ̀ réèlì tó kọjú sóde. Ó yẹ kẹ́ ẹ rí àwọn ihò wẹ́wẹ́ gbọọrọ méjì tàbí mẹ́ta níbẹ̀. Ibẹ̀ ni omi tó bá bọ́ sínú réèlì ń gbà jáde. Mi ò lè ka iye ilé tí mo ti rí tí bíríkìlà ti fi símẹ́ǹtì dí i nígbà tó ń rẹ́ etí rẹ̀ kó lè dán, tàbí tí wọ́n fi silicone tí wọ́n fi ń lẹ etí gíláàsì dí i. Omi ò wá ríbi lọ, ó kún, ó yí sínú ilé. Ẹ fi ìṣó tàbí skúrù dìráfà tínrín la á, ẹ da omi kọ́ọ̀pù kan sínú réèlì, ẹ wò ó bóyá ó ń jáde síta. Tí ihò ò bá sí rárá, wọn ò lù ú nìyẹn, dírílì kékeré lè lù ú báyìí. Ẹ tún wo ilẹ̀ iwájú rẹ̀ níta, ó gbọ́dọ̀ dà síta, kó má dà sínú.

Kí ẹlòmíì tó fẹ́ ra gíláàsì náà gbọ́: ẹ béèrè fún gíláàsì tí wọ́n ti fi iná yan tó le, tó bá fọ́ wóró wóró ló ń fọ́, kì í ya bí ọ̀bẹ. Àmọ́ wọn ò lè gé e mọ́ tí wọ́n bá ti yan án, torí náà kí wọ́n wọn ojú ọ̀nà lókè, láàárín àti nísàlẹ̀, èyí tó kéré jù ni kẹ́ ẹ mú. Gíláàsì mìlímítà mẹ́jọ, mítà kan lórí 2.1, tó kílò 42, ẹ rí i pé róólà tí wọ́n fẹ́ lò gbé jùyẹn lọ.

OlùkọÒfinUnílọ́rin

Ẹ jẹ́ kí n fi kiní kan kún un. Òfin tó dènà ẹ̀tanú sí àwọn tó ní ìpèníjà ara, tí Ààrẹ Buhari buwọ́ lù ní January 2019, fún àwọn ilé tí gbogbo èèyàn ń wọ̀ lọ́dún 5 láti tún ẹnu ọ̀nà wọn ṣe, ó sì ti pé láti 2024. Kò dé ilé àdáni o. Àmọ́ mọ́ṣáláṣí, ṣọ́ọ̀ṣì, báńkì àti ilé ìwòsàn tí màmá bá fẹ́ wọ̀, ẹ lẹ́tọ̀ọ́ láti béèrè pé ibo ni ọ̀nà kẹ̀kẹ́ wà.

ỌmọỌlálọmí (Ọ̀fà)

Súìṣì jìnnà tó 35, kò ní dí wa lọ́wọ́. Bíríkìlà tiwa níbí á bẹ̀rẹ̀ lọ́jọ́ Sátidé, mo ti ka ohun tẹ́ ẹ kọ fún un lórí fóònù, ó sì gbà. PVC la máa fi ṣe ilẹ̀kùn. Ìbéèrè kan ló kù: màmá ń fẹ́ ohun tí wọ́n lè dì mú tí wọ́n bá ń kúrò lórí kẹ̀kẹ́ sórí ìjókòó tọ́ọ́lẹ̀ẹ̀tì, torí férémù tí wọ́n ń dì mú tẹ́lẹ̀ á ti lọ. Ṣé ọwọ́ ilẹ̀kùn lè ṣe é?

Nọ́ọ̀sìGàáAkanbí

Rárá o, ẹ jọ̀ọ́. Ilẹ̀kùn tó ń rìn ni, tí wọ́n bá fara tì í á gbé wọn lọ. Ọwọ́ ilẹ̀kùn, ẹ ra èyí tó rí gbọọrọ tí gbogbo ìka lè wọ̀, kẹ́ ẹ fi í sí bíi 90 sí mítà kan láti ilẹ̀, fún fífà nìkan. Irin ìdìmú ọ̀tọ̀ ni kẹ́ ẹ ṣe sára ògiri lápá ọ̀tún ìjókòó tọ́ọ́lẹ̀ẹ̀tì, apá tó lágbára, kẹ́ ẹ gbé màmá jókòó kẹ́ ẹ tó sàmì sí ibi tó máa wà, ibi tí ọwọ́ wọn bá dé láì nà ni.

KáfíńtàÒmùÀrán

Àti pé irin yẹn, kó má jẹ́ skúrù nínú búlọ́ọ̀kù. Kí bíríkìlà ki kọnkéré sínú ihò búlọ́ọ̀kù ibẹ̀ lọ́jọ́ Sátidé yẹn kan náà, tàbí kí bóòtù gba ògiri kọjá sí ẹ̀yìn pẹ̀lú páànù irin tó nípọn. Tó bá ti gbẹ tán, kí ọkùnrin tó wúwo jùlọ nínú ilé rọ̀ mọ́ ọn kí màmá tó dì í mú.